Àwọn Àgùdà Etí Òkun Melaka: Àkọsílẹ̀ Ìrìn-Àjò sí Ujong Pasir

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tó ń kàwé ní Kuala Lumpur ló kọ́kọ́ sọ fún mi pé àwọn kan wà ní ìlú Melaka, lórílẹ̀-èdè Malaysia, tí wọ́n ń jẹ́ Pereira, Pinto, de Costa àti Fernandis, tí bàbá bàbá wọn kò sì fojú kan ilẹ̀ Potogí rí. Etí mi dìde. Pópó Àgùdà ní Ìsàlẹ̀ Èkó ni wọ́n ti tọ́ mi dàgbà. Àwọn da Silva, da Rocha àti Pereira la jọ ń pọn omi. Ṣùgbọ́n láti Bràsíìlì ni tiwa ti wá, àwọn tó bọ́ lóko ẹrú tí wọ́n sì padà wálé. Ti Melaka yàtọ̀. Àwọn sójà àti oníṣòwò Potogí ló fẹ́ obìnrin ìlú lẹ́yìn tí ọ̀gágun Potogí, Afonso de Albuquerque, gba Melaka lọ́dún 1511. Àwọn ará Holland gba ìlú náà lọ́wọ́ wọn ní 1641, Gẹ̀ẹ́sì tún gbà á lọ́wọ́ Holland. Síbẹ̀ àwọn ọmọ tí wọ́n bí kò kúrò níbẹ̀. Kristang ni wọ́n ń pe ara wọn, bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ń pe èdè wọn.

Ìparí oṣù Kẹfà la lọ, nítorí àjọ̀dún San Pedro, ẹni mímọ́ àwọn apẹja.

Ọjọ́bọ̀, 27 oṣù Kẹfà

Gáréèjì ńlá tí wọ́n ń pè ní TBS la ti wọkọ̀ ní Kuala Lumpur, 14 ringgit lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan. (Lásìkò tí a lọ, ringgit kan lé ní 300 náírà, ẹ máa fi ìyẹn ṣírò àwọn iye tó kù.) Ọ̀nà wákàtí méjì ni, títì tí kò ní kòtò kan ṣoṣo. Ọgbà ọ̀pẹ ló wà lọ́tùn-ún lósì, ó lọ salalu. Igi tó ṣẹ̀ wá láti ọ̀dọ̀ wa ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, àwọn náà wà lára àwọn tó ń ta epo rẹ̀ jù fún gbogbo ayé báyìí. Mo kàn mí kanlẹ̀ ni.

A ò tí ì dé ìlú Seremban tí ẹ̀rọ amúlétutù ọkọ̀ fi bẹ̀rẹ̀ sí í kán omi sí mi láàárín orí. Dírẹ́bà ní kò sí àyè míì. Ìyá kan tó jókòó lódìkejì wa, tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì tó nǹkan, tú báàgì rẹ̀, ó yọ láílọ́ọ̀nù àti sẹ́lótéèpù, ó dìde dúró, ó sì fi lẹ ojú ihò náà pa. Ó tún bó ọsàn fún wa. Títí a fi sọ̀ kalẹ̀, ojú ihò yẹn ló ń wò, bóyá iṣẹ́ òun ṣì dúró.

Ní Melaka Sentral, gáréèjì ìlú Melaka, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ ká pe Grab, takisí tí wọ́n ń fi fóònù pè. "Àǹtí, oòrùn yìí pọ̀ o." Mo ní bọ́ọ̀sì 17 la máa wọ̀, torí ó ń gba àárín ìlú àtijọ́ kọjá kó tó dé ọ̀dọ̀ àwọn Kristang. 2 ringgit péré ni nígbà tí a lọ, dírẹ́bà kì í sì í fúnni ní ṣéńjì. 20 ringgit ló wà lọ́wọ́ wa. Ọmọ iléèwé kan tó wé ìbòrí ló bá wa san án, kò sì gbà kí n dá a padà. Ó kàn fi ọwọ́ ọ̀tún kan àyà, ó lọ jókòó sẹ́yìn.

Ilẹ̀ ti ń ṣú nígbà tí a dé Ujong Pasir. Àdúgbò náà kò tóbi, nǹkan bí éékà 28 ni. Àwọn àlùfáà méjì, ọ̀kan ará Faransé, ọ̀kan ará Potogí, ló ṣètò rírà rẹ̀ láàárín àwọn ọdún 1930, kí àwọn apẹja tí òṣì ń ta, tí wọ́n fọ́n káàkiri etí òkun, lè rí ibi kó ara jọ sí. Padri sa Chang, ilẹ̀ àlùfáà, làwọn àgbà ṣì ń pè é. Ẹ wo orúkọ òpópónà: Jalan d'Albuquerque, Jalan Teixeira, Jalan Sequeira, Jalan Eredia. Eredia yìí wù mí jù nínú wọn, torí ọmọ Melaka gan-an ni, Potogí ni bàbá rẹ̀, ìyá rẹ̀ sì jẹ́ ọmọ ọba láti erékùṣù Sulawesi. Ó di ayàwòrán ilẹ̀.

Lára ọgbà ọ̀pọ̀ ilé, mo rí ìda àbẹ́là tó kán sílẹ̀ tó ti gan. Ọjọ́ 23 ni wọ́n ṣe San Juang, àjọ̀dún Jòhánù Mímọ́, tí onílé kọ̀ọ̀kan fi ń to àbẹ́là síwájú ìta. Kò tí ì sẹ́ni tó ha á kúrò.

Ìyá tí a wọ̀ sílé rẹ̀ ti lé ní ẹni ọgọ́rin ọdún. Tia ni tọmọdé tàgbà ń pè é, èmi náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í pè é bẹ́ẹ̀. Mo kúnlẹ̀ kí i. Ó ya ẹnu, ó rẹ́rìn-ín, ó fà mí dìde. Ohun tó kọ́kọ́ bi wá ni pé ṣé a ti jẹun. Títí a fi kúrò níbẹ̀, kò dẹ́kun bíbéèrè rẹ̀.

Ọjọ́ Ẹtì, 28 oṣù Kẹfà

Mo ní kí n kọ́kọ́ lọ wo ohun tí Potogí fọwọ́ kọ́. Kò pọ̀ mọ́. Nínú odi A Famosa, ẹnu ọ̀nà kan ṣoṣo ló kù, Porta de Santiago. Gẹ̀ẹ́sì ló wó ìyókù ní 1807. Lórí òkè St. Paul, ṣọ́ọ̀ṣì tí wọ́n kọ́ ní 1521 ti di ògiri tí kò lórùlé. Ibẹ̀ ni wọ́n tẹ́ òkú Francis Xavier, àlùfáà ajíhìnrere tó di ẹni mímọ́, sí fún oṣù mélòó kan ní 1553 kí wọ́n tó gbé e lọ sí Goa ní Íńdíà. Ère rẹ̀ dúró síta, kò lọ́wọ́ ọ̀tún. Igi ló wó lù ú, wọ́n ní. Ọwọ́ ọ̀tún òkú náà gan-an sì ni wọ́n gé ránṣẹ́ sí Róòmù ní 1614. Ẹ̀rù bà mí díẹ̀, n kò ní parọ́.

Ọ̀fẹ́ ni gígun òkè náà nígbà tí a lọ. Ẹ tètè lọ láàárọ̀ kùtùkùtù, kí oòrùn tó mú àti kí àwọn ọkọ̀ arìnrìn-àjò tó dé. Nísàlẹ̀, àwọn kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta tí wọ́n fi Hello Kitty àti òdòdó oníke dì láti òkè délẹ̀ ń pariwo orin sí ara wọn. A rìn kọjá.

Nígbà tí a padà dé, Tia ti so ìró, ó ń dúró dè wá. Debal ló fẹ́ sè. Mo ti gbọ́ ìròyìn ọbẹ̀ yìí láti Kuala Lumpur: wọ́n ní ata rẹ̀ kì í ṣeré. Mo ń wá ẹ̀rọ ìlọta kiri ìdáná, ó nawọ́ sí ẹ̀yìnkùlé. Ọlọ ni! Òkúta pẹrẹsẹ, ọmọ ọlọ rẹ̀ gùn, ó rí róbótó bí ọmọrí odó tí wọ́n gé sí méjì, ọwọ́ méjèèjì ni wọ́n fi ń tì í. Ó ti rẹ ata gbígbẹ sínú omi gbígbóná. Ó kó àlùbọ́sà pupa wẹ́wẹ́ tì í, atalẹ̀ pupa, gbòǹgbò kan tó jọ atalẹ̀ tí wọ́n ń pè ní lengkuas, àti èso líle ọlọ́ràá kan, buah keras, tó ń jẹ́ kí ọbẹ̀ ki. Mo ní kó jẹ́ kí n bá a lọ̀ ọ́. Mo wà lórí ìkúnlẹ̀, mo ń wọ́n omi díẹ̀díẹ̀, ata ń ta sójú mi. Tia sọ nǹkan kan fún ọmọkùnrin rẹ̀ ní Kristang, àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín. Ọmọ náà túmọ̀ fún wa pé ìyá òun ní ẹni yìí mọ iṣẹ́, àwọn ọmọ-ọmọ òun ń sá fún òkúta náà.

Ó da ata lílọ̀ náà sínú òróró, ó ń rò ó títí epo fi yọ sókè, tí àwọ̀ rẹ̀ fi ṣú. Lẹ́yìn náà adìyẹ, lẹ́yìn náà ọ̀dùnkún. Ìgbà tó kù díẹ̀ kó jinná ló tó bu fínígà àti èso mọ́sítáàdì sí i. Òórùn fínígà yẹn gbé wa dé òpópónà. Aládùúgbò kan yọjú láti bi í bóyá Kérésì ti dé ni. Lẹ́yìn ọjọ́ Kérésì gan-an ni wọ́n ń sè é jù, wọ́n á kó gbogbo ẹran tó ṣẹ́kù lójọ́ ọdún sínú rẹ̀.

Kíkan ni ẹnu kọ́kọ́ mọ̀. Ẹ óò rò pé ata ò sí níbẹ̀. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú díẹ̀, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ti ń wá omi. Èmi bu ìrẹsì kún un. Mo sọ fún Tia nípa frejon tiwa, ẹ̀wà tí a ń fi omi àgbọn sè ní Ọjọ́ Ẹtì Rere, tí a ń fi ọbẹ̀ ẹja jẹ. Kò gbọ́ ọ rí. Ó ní kí n tún ọ̀nà tí a ń gbà sè é sọ, ó sì pe ọmọ rẹ̀ kó wá kọ ọ́ sílẹ̀.

Tí ẹ ò bá ní Tia, àwọn ìsọ̀ oúnjẹ tó wà létí òkun ń ta debal adìyẹ, nǹkan bí 20 ringgit nígbà tí a lọ. Ẹ̀yin Mùsùlùmí, ẹ béèrè kí ẹ tó jókòó, torí àwọn ìsọ̀ kan ń se ẹlẹ́dẹ̀.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 29 oṣù Kẹfà: San Pedro

Ilẹ̀ kò tí ì mọ́ dáadáa nígbà tí ọmọ Tia kan ilẹ̀kùn wa. Ẹni ọgọ́ta ọdún ni, apẹja ni, bàbá rẹ̀ náà apẹja ni. Edé ló fẹ́ lọ kó, àwọn edé kéékèèké tí wọ́n ń pè ní geragau. Orúkọ edé yìí náà ni àwọn ará ìlú fi ń bú àwọn Kristang tẹ́lẹ̀. Báyìí, àwọn fúnra wọn ló ń fi ṣe àwàdà.

Langgiang ni àwọ̀n tó gbé dání: ọ̀pá oparun gígùn méjì tó gbé gba ara wọn kọjá, àwọ̀n wà láàárín wọn. Ó wọ inú omi títí dé àyà, ó sì ń ti àwọ̀n náà síwájú ní ìsàlẹ̀ omi, ó ń fẹsẹ̀ wọ́lẹ̀ nínú ẹrẹ̀. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ní òun náà máa wọ̀ ọ́. Ìgbésẹ̀ kẹta, ẹrẹ̀ gba sálúbàtà rẹ̀ kan. A wá a títí, a ò rí i. Bàtà kan ṣoṣo ló wọ̀ padà sílé, àwọn ọmọdé sì tẹ̀ lé e.

Nígbà tí bàbá náà gbé àwọ̀n sókè, mo rò pé ìfófòó ni. Ó bu ẹ̀kúnwọ́ kan sí àtẹ́lẹwọ́ mi. Àwọn edé náà tín-ín-rín, ara wọn ń tan ìmọ́lẹ̀ kọjá, ojú dúdú méjì méjì lorí ọ̀kọ̀ọ̀kan, gbogbo wọn ń fò. Ìdajì abọ́ ló rí kó láàárọ̀ yẹn. Ó ní nígbà tí òun wà lọ́dọ̀ọ́, garawa ni àwọn fi ń gbé e. Ó nawọ́ sí iwájú, sí ibi tí wọ́n ti kó iyanrìn dí òkun: ilẹ̀ tuntun, erékùṣù àtọwọ́dá. Ó ní láti ìgbà tí wọ́n ti ń ṣe é, omi kò ṣàn bó ṣe ń ṣàn mọ́, ẹrẹ̀ ń jìn, edé ń sá. Kò bínú sọ ọ́. Ó ń fọ àwọ̀n rẹ̀ bó ti ń sọ ọ́.

Edé náà ni wọ́n ń fi ṣe belacan: wọ́n á fi iyọ̀ sí i, wọ́n á sá a, wọ́n á gún un, wọ́n á tún sá a, wọ́n á wá mọ ọ́n ní ìṣù ìṣù. Wọ́n tún ń fi iyọ̀ àti ìrẹsì rẹ ẹ́ sínú ìgò títí á fi kan, cincalok nìyẹn. Mo tọ́ ọ wò. Ẹ fi ọsàn wẹ́wẹ́ àti ata tútù sí i kí ẹ tó dá mi lẹ́bi.

Òjò wẹ̀ wá lọ́sàn-án fún bí wákàtí kan, ó dá. Ní ìrọ̀lẹ́, gbogbo ayé ti dé pápá Medan Portugis. Lẹ́yìn Máàsì, àlùfáà lọ sí etí omi láti wọ́n omi mímọ́ sára àwọn ọkọ̀ ojú omi. Wọ́n ti fi gílóòbù àwọ̀ oríṣiríṣi, àsíá àti àwòrán Pétérù Mímọ́ pẹ̀lú kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ ṣe ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan lọ́ṣọ̀ọ́, wọ́n sì ń bá ara wọn díje. Ọ̀kan wà níbẹ̀ tí jẹnẹrétọ̀ rẹ̀ kọ̀ láti ṣiṣẹ́. Ẹni tó ni ọkọ̀ tó ń bá a du ipò ló fa wáyà iná láti inú ọkọ̀ tirẹ̀ fún un.

Àwọn oníjó wá bọ́ síta, àwọn ọmọge nínú síkẹ́ẹ̀tì pupa àti dúdú, àwọn ọ̀dọ́kùnrin nínú jákẹ́ẹ̀tì dúdú tí kò lápá. Fóònù ọgọ́rùn-ún gbéra. Mo yíjú sí Tia kí n bi í bóyá bí wọ́n ṣe ń jó nígbà èwe rẹ̀ nìyí. Ó ní rárá o. Àlùfáà kan tó ti ilẹ̀ Potogí wá ló kọ́ wọn ní ijó yìí láàárín àwọn ọdún 1950, òun wà ní kékeré nígbà náà, wọ́n fẹ́ fi gba àlejò pàtàkì kan láti ìjọba Potogí. Ó ní aṣọ yìí kò tó òun lọ́jọ́ orí. Branyo ni tàwọn: fayolíìnì, ìlù, ọkùnrin àti obìnrin kọjú síra wọn láìfọwọ́ kan ara wọn, wọ́n ń fi orin pa ara wọn lówe.

Mo ronú lé e lórí títí. Ohun tí àlejò ń yà ní fọ́tò ni èyí tó dé kẹ́yìn. Àwọ̀n langgiang wà nílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, ó ṣì ń kán omi, ẹnikẹ́ni ò wò ó. N kò sọ pé kí wọ́n má jó ijó wọn. Ó dùn wò. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá dé ibẹ̀, ẹ má jẹ́ kí síkẹ́ẹ̀tì pupa yẹn nìkan ni ẹ máa rántí.

Nígbà tí ọkọ̀ àwọn arìnrìn-àjò ti lọ tán, wọ́n lu branyo. Tia fi ọ̀pá rẹ̀ sílẹ̀ sórí àga, ó wọ agbo. Apẹja kan tó jókòó tì mí bi mí ibi tí mo ti wá. Mo ní Lagos. Ó ní, "Lagos wà ní Potogí." Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, tiwa tóbi jù ú lọ. Ó rẹ́rìn-ín, ó ra bíà fún mi.

Ẹ gbọ́ eléyìí: ẹja sísun tí wọ́n fi ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ dì ni gbogbo ènìyàn ń jẹ níbẹ̀, ìwọ̀n ni wọ́n sì ń fi tà á. Ẹ jẹ́ kí wọ́n wọ̀n ọ́n lójú yín, kí wọ́n sọ iye rẹ̀, kí wọ́n tó gbé e kaná. Tiwa jẹ́ 38 ringgit, ó yó ènìyàn méjì. Tábìlì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa kò béèrè, ariwo wọn la gbọ́ nígbà tí bíìlì dé.

Ọjọ́ Àìkú, 30 oṣù Kẹfà

A bá Tia lọ sí Máàsì ní St. Peter's, ṣọ́ọ̀ṣì Àgùdà tó pẹ́ jù tí wọ́n ṣì ń lò ní Malaysia. Ọdún 1710 ni wọ́n kọ́ ọ. Kí ó tó dìgbà yẹn, àwọn ará Holland ti fòfin de ẹ̀sìn Àgùdà, ilé àti inú igbó ni wọ́n ti ń gbàdúrà. Ẹgbẹ́ àwọn ọkùnrin ìjọ tí wọ́n ń pè ní Irmang di Greza ló ń dáàbò bo ìjọsìn láìsí àlùfáà. Ẹgbẹ́ náà ṣì wà. Ère Jésù tó kú, tó dùbúlẹ̀ bí ènìyàn gidi, wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì náà. Òun ni wọ́n ń gbé jáde lọ́sẹ̀ ìjìyà Olúwa.

Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi ṣe Máàsì. Lẹ́yìn oúnjẹ, ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, mo wá kíyè sí i pé Kristang ni Tia ń bá ọmọ-ọmọ rẹ̀ sọ, Gẹ̀ẹ́sì ni ọmọ náà fi ń dáhùn. Ó gbọ́ ọ yékéyéké, kò kàn fẹ́ sọ ọ́ ni. Tia ní ọ̀pọ̀ ilé ló ti rí bẹ́ẹ̀ báyìí. Ní Singapore, àwọn ọ̀dọ́ kan bẹ̀rẹ̀ kíláàsì Kristang ní 2016, ó gbọ́ nípa wọn, inú rẹ̀ dùn, ṣùgbọ́n ó yà á lẹ́nu pé ènìyàn ń lọ jókòó sí kíláàsì nítorí ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń sọ nídìí àwọ̀n ẹja. Mo sọ fún un pé ní Pópó Àgùdà, orúkọ ló kù, àti frejon, àti kàrétà ọjọ́ ọdún. Èdè ti lọ kí wọ́n tó bí ìyá mi. Ó dákẹ́ díẹ̀. Ó ní ó dáa, òun máa kọ́ mi ní ìwọ̀nba tí mo nílò nínú ilé òun: "Yo ja kumih." Mo ti jẹun. Mo lò ó lẹ́ẹ̀mẹta kí ilẹ̀ tó ṣú, kò gbà mí gbọ́ lẹ́ẹ̀kan.

Ọmọ-ọmọ náà wá jókòó tì wá nígbà tó yá. Bí mo bá ṣi ọ̀rọ̀ pè, òun ló ń tún un ṣe.

Ọjọ́ Ajé, 1 oṣù Keje

Ìṣù belacan mẹ́rin ni mo rà lọ́wọ́ aládùúgbò Tia, 10 ringgit ẹyọ kan. Tia kò gba owó ilé tí a fi kún èyí tí a ti san. Mo fi ìborùn àdìrẹ mi lé e léjìká, ìyẹn ló gbà. "Mutu grandi merseh," mo ní. Ó tún pè é fún mi bó ṣe yẹ.

Ẹ wé belacan yín nínú ìwé ìròyìn, lẹ́yìn náà láílọ́ọ̀nù mẹ́ta, kí ẹ so ọ̀kọ̀ọ̀kan lọ́tọ̀, kí ẹ sì fi sínú ẹrù tó ń lọ sábẹ́ bàálù. A ò wé tiwa tó bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ náà. Bí bọ́ọ̀sì ṣe ti ilẹ̀kùn ní Melaka Sentral, dírẹ́bà gbé imú sókè, ó wo gbogbo wa nínú dígí. "Belacan ta nìyẹn?" Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tẹjú mọ́ fóònù, kò mọ̀ mí rí. Mo nawọ́ sókè. Dírẹ́bà ní èló ni mo rà á, mo sọ fún un. Ó mi orí: ẹni tí òun ń rà lọ́wọ́ rẹ̀ ń gba 12. Ó bi mí ilé wo ni, mo júwe rẹ̀ fún un, ó sì kọ ọ́ sẹ́yìn tíkẹ́ẹ̀tì kan kó tó wa ọkọ̀ jáde.